Ewúro: ohun tí àwọn àgbà ń fi í ṣe, ohun tí ìwádìí rí, àti bí a ṣe ń lò ó láìfarapa

Kò sí ilé Yorùbá tí kò mọ ewúro. Ohun tí ọ̀pọ̀ kì í rántí ni pé ewúro tí a fọ̀ sọ́bẹ̀ àti ewúro tí a fún sínú ife kì í ṣe ohun kan náà nínú ara, bó tilẹ̀ jẹ́ pé orí igi kan náà la ti já àwọn méjèèjì. Púpọ̀ nínú ìbéèrè tó wà nísàlẹ̀ yìí, ibẹ̀ ni ìdáhùn wọn ti bẹ̀rẹ̀. Ẹni tí ara ọmọ rẹ̀ ń gbóná lọ́wọ́ báyìí, kó má wulẹ̀ dúró ka gbogbo rẹ̀. Kó lọ tààrà síbi tí a ti sọ̀rọ̀ ibà.

Ewúro wo gan-an ni ọ̀rọ̀ yìí dá lé?

Igi kékeré tí a máa ń gbìn sẹ́yìn ilé ni, èyí tí àwọn onímọ̀ ewéko mọ̀ sí Vernonia amygdalina. Delile ló ṣe àpèjúwe rẹ̀ sínú ìwé ní 1826. Àwọn ìwé tuntun ti ń kọ ọ́ sí Gymnanthemum amygdalinum, nítorí náà bí ẹ bá rí orúkọ méjèèjì, ẹ má rò pé igi méjì ni. Bí a kò bá gé e, ó lè ga tó mítà 2 sí 5, ewé rẹ̀ a sì máa gùn tó sẹ̀ǹtímítà 20. Onugbu ni àwọn Igbo ń pè é, shuwaka ni ti Hausa, oriwo ni ti Edo, etidot ni ti Efik. Ní Uganda, mululuza ni orúkọ rẹ̀ lédè Luganda.

Ewúro odò tó máa ń hù létí omi kì í ṣe òun. Bẹ́ẹ̀ náà ni jogbo tí a fi ń ṣàfiwé ohun tó bá korò jù, ewé mìíràn pátápátá ni. Ìwádìí tí wọ́n ṣe lórí ọ̀kan kò lè dúró fún èkejì. Bí alágbo bá gbé ìdì ewé gbígbẹ lé yín lọ́wọ́ tó ní ewúro ni, tí ẹ kò sì rí igi rẹ̀ rí, ìkorò nìkan kò tó láti fi dá a mọ̀.

Kí ló wà nínú rẹ̀ tó mú un korò tó bẹ́ẹ̀?

Oríṣi kẹ́míkà méjì ló pọ̀ jù níbẹ̀. Ọ̀kan ni àwọn tí à ń pè ní sesquiterpene lactone: vernodalin, vernolide àti vernomygdin wà lára wọn. Àwọn wọ̀nyí lágbára, wọ́n lè pa kòkòrò, wọ́n sì lè pa sẹ́ẹ̀lì ara ènìyàn náà. Èkejì ni àwọn vernonioside, tí àwọn náà korò. Saponin tó wà nínú ewé ló ń jẹ́ kó ru bí ọṣẹ nígbà tí a bá ń bó o. Yàtọ̀ sí ìwọ̀nyí, ó ní flavonoid bíi luteolin, tí kì í ṣe òun ló ń fa ìkorò, ṣùgbọ́n tí àwọn olùwádìí máa ń tọ́ka sí bí wọ́n bá ń sọ bí ewúro ṣe ń dáàbò bo sẹ́ẹ̀lì.

Ṣé bó bá ṣe korò tó náà ni iṣẹ́ rẹ̀ ṣe máa ń dára tó?

Rárá o. Àṣìṣe yìí ló ń kó ènìyàn sí wàhálà jù lọ. Ìkorò ń sọ fún yín pé kẹ́míkà kan wà níbẹ̀. Kò sọ iye tí ara lè gbà. Nígbà tí àwọn onímọ̀ ará Japan fún eku tó ní kòkòrò àtọ̀sí ajá ní vernodalin, eku fúnra wọn ni vernodalin ń ṣe léṣe gidigidi. Ohun tó korò jù nínú ewé náà ló ń pani lára jù níbẹ̀.

Ìkorò ewé kan sì yàtọ̀ sí ti òmíràn. Ewé tó ti gbó, ewé ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn, ewé orí igi tí wọn kò gé fún ọdún méjì, kò lè rí bákan náà pẹ̀lú ọ̀mùnú tó yọ lẹ́yìn òjò. Ìdí nìyí tí "ewé mẹ́wàá láàárọ̀" kì í fi í ṣe ìwọ̀n gidi.

Kí ni àwọn àgbà ń fi í ṣe nínú ìṣègùn ìbílẹ̀?

Omi ewé rẹ̀ fún ibà, inú rírun, aràn, jẹ̀díjẹ̀dí àti ìtọ̀ ṣúgà. Wọ́n ń fi ewé tí a gún pa làpálàpá àti egbò kéékèèké. Wọ́n ń fi ẹ̀ka àti gbòǹgbò rẹ̀ ṣe pákò, nítorí omi ìkorò tó ń jáde lára rẹ̀ máa ń fọ ẹnu. Àwọn agbẹ̀bí ìbílẹ̀ kan ń lò ó nígbà ìrọbí, ọ̀rọ̀ yẹn ní ìbéèrè tirẹ̀ nísàlẹ̀. Ní Ethiopia, níbi tí wọ́n ti ń pè é ní girawa, ewé rẹ̀ ni wọ́n fi ń ha inú ìkòkò ọtí kí wọ́n tó pọn òmíràn sínú rẹ̀.

Ǹjẹ́ òótọ́ ni pé ìnàkí náà ń fi ewúro wo ara rẹ̀ sàn?

Òótọ́ ni, ìtàn náà sì kọ́ni ju bí àwọn ènìyàn ṣe ń sọ ọ́ lọ. Ní oṣù November 1987, ní igbó Mahale ní Tanzania, Michael Huffman àti Mohamedi Seifu Kalunde, ẹni tó jẹ́ ọmọ ìbílẹ̀ Tongwe tó mọ ewé dáadáa, ń tẹ̀ lé abo ìnàkí kan tí wọ́n ń pè ní Chausiku. Ara rẹ̀ kò yá. Ó lọ bá igi ewúro, ó ya ẹ̀ka rẹ̀, ó bó èèpo kúrò, ó ju ewé nù, ó wá ń jẹ mùdùnmúdùn inú ẹ̀ka náà, ó ń fa omi rẹ̀ mu, ó sì ń tu háhá rẹ̀ nù. Lọ́jọ́ kejì, ara rẹ̀ ti ń mókun. Wọ́n tẹ ìwádìí náà jáde ní 1989. Nígbà tó yá, wọ́n tún rí ìnàkí mìíràn tó jẹ ẹ́ bẹ́ẹ̀. Ẹyin aràn inú ìgbẹ́ rẹ̀ já wálẹ̀ láti 130 sí 15 nínú gíráàmù kan láàárín wákàtí 20.

Ẹ wo ohun tí ìnàkí náà ṣe dáadáa: ó ju ewé àti èèpo nù. Nígbà tí àwọn onímọ̀ kẹ́míkà ní Yunifásítì Kyoto yẹ igi náà wò, wọ́n rí i pé inú ewé àti èèpo ni vernodalin pọ̀ sí, kò sì tó nǹkan nínú mùdùnmúdùn. Ibi tí májèlé kò pọ̀ sí ni ìnàkí mú. Àwa tí à ń fi ìtàn yìí polówó omi ewé, ewé gan-an tí ìnàkí sọ nù là ń fún mu.

Báwo ni a ṣe ń fún omi ewúro nílé?

Kò sí ìwọ̀n tí ìwádìí tíì fọwọ́ sí fún àìsàn kankan. Èyí tó wà nísàlẹ̀ yìí ni ọ̀nà tí ọ̀pọ̀ ilé ń gbà ṣe é, tí a mú mọ níwọ̀n, tí a sì mú ìmọ́tótó wọ inú rẹ̀. Ìṣọ́ra ni ìwọ̀n náà wà fún, kì í ṣe ìlérí ìwòsàn.

1. Já ẹ̀kúnwọ́ ewé tútù kan, bíi gíráàmù 50. Yọ èyí tó ti pọ́n, èyí tí kòkòrò ti jẹ, àti igi rẹ̀.
2. Fọ ewé náà lódindi lẹ́ẹ̀mẹ́ta nínú omi mímọ́ kí ẹ tó fọwọ́ fún un. Ẹni tó bá ti já a wẹ́wẹ́ kó tó fọ̀ ọ́, ìdajì ohun tó ń wá ló ti bá omi lọ.
3. Se omi, kó tutù, kí ẹ wọn mìlílítà 500, ìyẹn bí ife ńlá méjì.
4. Fi ọwọ́ tí ẹ ti fi ọṣẹ fọ̀ bó o nínú omi náà fún ìṣẹ́jú márùn-ún, títí omi yóò fi dúdú tí yóò sì máa ru.
5. Fi asẹ́ tàbí aṣọ funfun mímọ́ sẹ́ ẹ. Jẹ́ kó fìdí kalẹ̀, kí ẹ gbọ́n ìfóòfó orí rẹ̀ dànù.

Ẹni tí kò mu ún rí, kó fi mìlílítà 60 bẹ̀rẹ̀, lẹ́yìn tó bá ti jẹun, kó sì dúró wo ara rẹ̀ títí di ọjọ́ kejì. Àgbàlagbà tí ara rẹ̀ le kò gbọdọ̀ kọjá ìdajì ife, bíi mìlílítà 125, lẹ́ẹ̀kan lóòjọ́, fún ọjọ́ bíi márùn-ún. Èyí tó bá ṣẹ́ kù, inú fíríìjì, kó má ju wákàtí 24 lọ. Bó bá ti ń kan, tàbí tó ń yọ́ lọ́wọ́, ẹ dà á nù.

Ẹ̀rọ ìlọta ń kọ́? Ó ń fọ́ ewé ju ọwọ́ lọ, nítorí náà omi tó ń jáde le ju ti ọwọ́ lọ fún ewé kan náà. Bí ẹ bá lò ó, ẹ dín ewé kù sí ìdajì. Àwọn tó máa ń lọ ewúro mọ́ ẹ̀fọ́ mìíràn, tí wọ́n sì ń mu ife méjì gbáko láàárọ̀ lójú òfo, àwọn ló máa ń pọ̀ jù nínú àwọn tí inú ń run, tí èébì ń gbé, tí ìgbẹ́ gbuuru sì ń yọ lẹ́nu. Wọ́n á wá ní ara wọn ló ń fọ ìdọ̀tí dànù. Kò sí ìdọ̀tí kankan níbẹ̀. Inú ló ń bínú.

Síse ń pa kòkòrò àrùn tó bá wà lára ewé, ó sì ń dín fítámì C kù. Ìṣẹ́jú 10 sí 15 lórí iná kékeré ti tó. Fún ẹni tí omi ilé rẹ̀ kò dá a lójú, síse sàn ju fífún ní tútù lọ.

Kí ló sábà máa ń ba omi ewúro jẹ́?

Omi tí a fi fún un ni àkọ́kọ́. Ọ̀pọ̀ ló ń fi omi kànga tútù bó ewé láti wo ibà, tí wọ́n á sì kó ibà jẹ̀funjẹ̀fun látinú omi náà. Iyọ̀ tí a bù sí i kò pa gbogbo kòkòrò àrùn. Èkejì ni ibi tí ewé ti wá: ewé etí títì tí ọkọ̀ ń kọjá, ewé ẹ̀gbẹ́ ààtàn, ewé oko tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fín oògùn kòkòrò sí. Fífọ̀ lè mú eruku kúrò, kò lè mú ohun tó ti wọ inú ewé kúrò.

Ẹ̀kẹta ni ọtí. Àwọn kan máa ń rẹ ewúro àti egbò igi mìíràn sínú ògógóró. Ọtí ń fa kẹ́míkà tí omi kì í fà jáde, nítorí náà ìwọ̀n omi kò ṣeé lò fún un. Ògógóró tí kò ní orísun tó dájú tún ní ewu tirẹ̀: ní 2015, ọtí tó ní methanol nínú pa ọ̀pọ̀ ènìyàn ní ìpínlẹ̀ Ondo àti Rivers, ó sì fọ́ ojú àwọn kan.

Àti oyin. Ẹni tó ń mu ewúro nítorí ṣúgà inú ẹ̀jẹ̀, tó wá ń da ṣíbí oyin mẹ́ta sí i kó lè gbé e mì, ó ti ta ọjà, ó sì ti rà á padà.

Ṣé ọbẹ̀ ewúro náà ń ṣe iṣẹ́ oògùn?

Oúnjẹ gidi ni, ẹ jẹ́ ká fi í sí ipò oúnjẹ. Bí a bá fi iyọ̀ bó o, tí a ṣan án lẹ́ẹ̀mẹ́rin, tí a sì tún sè é, ìpín tó pọ̀ nínú saponin àti ìkorò rẹ̀ ti bá omi lọ. Okùn inú ewé àti èròjà aṣaralóore mìíràn ṣì kù. Nítorí èyí, ìbẹ̀rù omi ewúro kò kan ọbẹ̀ ewúro, ìyìn omi ewúro náà kò sì kan ọbẹ̀. Àwọn ènìyàn ti ń jẹ ọbẹ̀ yìí láti ayébáyé láìsí ìjàǹbá. Adùn ní í gbẹ̀yìn ewúro, àmọ́ ẹni tó fọ̀ ọ́ ló mọ bí adùn náà ṣe dé.

Ẹ kíyè sí kán-ún. Ó máa ń pa ìkorò kíákíá, ó sì ń jẹ́ kí ewé dúró ní àwọ̀ rẹ̀, ṣùgbọ́n ó ń ba fítámì C jẹ́, sodium inú rẹ̀ sì pọ̀. Ẹlẹ́jẹ̀ ríru tó yẹra fún iyọ̀ tó wá ń fi kán-ún se ewúro, ẹnu ọ̀nà kan ló tì, ó ṣí èkejì sílẹ̀. Fífi ọwọ́ bó o lẹ́ẹ̀mẹ́ta sí mẹ́rin, kí a sì sè é fún ìṣẹ́jú 10, kí a da omi rẹ̀ nù, yóò ṣe iṣẹ́ kan náà láìsí kán-ún.

Ǹjẹ́ ewúro ń wo ibà?

Ó ń dín in kù, kì í pa á tán. Ìdáhùn kúkúrú nìyẹn, ẹ̀rí rẹ̀ sì wà. Lára eku tí wọ́n kó kòkòrò ibà Plasmodium berghei sí lára, ìwádìí kan tó jáde ní 2003 rí i pé èròjà tí wọ́n fà jáde látinú ewé ewúro dín kòkòrò náà kù ní ìdá 67 nínú 100, èèpo gbòǹgbò sì dín in kù ní ìdá 53.5. Èyí ló mú kí wọ́n dán an wò lára ènìyàn.

Ìdánwò tó ṣe pàtàkì jù ni ti Uganda, tí Challand àti Willcox tẹ̀ jáde ní 2009. Àwọn ènìyàn 41 tí ibà wọn kò tíì le ni wọ́n fún ní ewúro. Títí di ọjọ́ kẹrìnlá, ìdá 67 nínú 100 wọn ni ara wọn yá dé ìwọ̀n tó tẹ́ àwọn olùwádìí lọ́rùn. Àmọ́ nígbà tí wọ́n yẹ ẹ̀jẹ̀ àwọn tí ara wọn yá yìí wò, ìdá 32 péré nínú wọn ni kòkòrò ibà ti kúrò pátápátá nínú ẹ̀jẹ̀ wọn. Nínú àwọn tí tiwọn kúrò náà, ó tún padà sí ìdá 71 lára.

Ẹ tún un kà. Ara yá, kòkòrò kò lọ. Ìdí tí ọ̀pọ̀ àgbàlagbà fi ń búra pé ewúro wo ibà àwọn sàn nìyí: àgbàlagbà tí ibà ti mú nígbà púpọ̀ ti ní agbára díẹ̀ láti fi bá kòkòrò náà jà, nítorí náà bí ó bá dín kù díẹ̀, ara á fúyẹ́. Ọmọ ọdún méjì kò ní agbára yẹn. Aláboyún náà, agbára tirẹ̀ ti dín kù.

Nítorí náà, bí ibà bá mú ẹnikẹ́ni, kí ẹ ṣe àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀. Èyí tí wọ́n ń ta ìka ṣe kì í gbà ju ìṣẹ́jú 20 lọ. Bí ó bá jẹ́ ibà ẹ̀fọn, oògùn ACT ni, ẹ lò ó pé ọjọ́ mẹ́ta, kódà bí ara bá ti yá lọ́jọ́ kejì. Artemether-lumefantrine, tó jẹ́ ọ̀kan lára àwọn ACT, máa ń wọ ara dáadáa bí a bá lò ó pẹ̀lú oúnjẹ tó ní ọ̀rá díẹ̀. Ọmọ tó ń ní gìrì, tí kò lè mu ọmú tàbí omi, tó ń bì gbogbo ohun tó bá gbé mì, tó sùn tí kò ṣeé jí, tí mímí rẹ̀ ń yára, tàbí tí ìtọ̀ rẹ̀ dúdú, ilé ìwòsàn ni kíákíá. Ẹ má fún un ní omi ewúro kí ẹ tó gbéra.

Ìtọ̀ ṣúgà ń kọ́? Ṣé ewúro lè rọ́pò oògùn rẹ̀?

Kò lè rọ́pò rẹ̀. Pé ewúro lè fa ṣúgà inú ẹ̀jẹ̀ wálẹ̀ kì í ṣe irọ́: Akah àti Okafor fi hàn lára ehoro ní 1992, ọ̀pọ̀ ìwádìí lórí eku sì ti tẹ̀ lé e láti ìgbà náà. Ti ènìyàn ló kéré, tí kò sì pẹ́. Kò tíì sí ìdánwò ńlá tó fi hàn pé ẹni tó fi ewúro nìkan tọ́jú ìtọ̀ ṣúgà bọ́ lọ́wọ́ ojú fífọ́, ẹsẹ̀ gígé tàbí àrùn kíndìnrín.

Ìkorò kì í pa adùn nínú ẹ̀jẹ̀ bó ṣe ń pa á lẹ́nu. Bí ewúro bá fa ṣúgà wálẹ̀, kẹ́míkà inú rẹ̀ ló ṣe é. Ibẹ̀ gan-an ni ewu wà fún ẹni tó ń lo glibenclamide, glimepiride tàbí abẹ́rẹ́ insulin. Oògùn ń fà á wálẹ̀, ewúro náà ń fà á, ṣúgà lè já ju bó ṣe yẹ lọ. Àmì rẹ̀ ni òógùn tútù, ọwọ́ gbígbọ̀n, ebi òjijì, àyà jíjá, ojú ṣíṣú, ọ̀rọ̀ tí kò já gaara. Bí ẹ̀rọ bá fi hàn pé ó wà nísàlẹ̀ 70 mg/dL, ẹ gba ṣúgà gíráàmù 15 lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀, ìyẹn bíi kóró ṣúgà mẹ́ta sí mẹ́rin nínú omi. Ẹ tún un wọ̀n lẹ́yìn ìṣẹ́jú 15. Ẹni tí kò bá mọ ohun tó ń ṣe mọ́, ẹ má da nǹkan kan sí i lẹ́nu, ẹ gbé e lọ sí ilé ìwòsàn. Metformin nìkan kì í sábà fa irú jíjá bẹ́ẹ̀.

Bí ẹ bá ti ń mu ún kí ẹ tó ka èyí, ẹ sọ fún dókítà yín, kí ẹ máa wọn ṣúgà kí ẹ tó jẹun àti wákàtí méjì lẹ́yìn oúnjẹ, kí ẹ sì máa kọ ọ́ sílẹ̀. Àyẹ̀wò HbA1c ní oṣù mẹ́ta-mẹ́ta ni yóò sọ òótọ́, nítorí pé òun ló ń ka gbogbo oṣù wọ̀nyẹn pọ̀. Ọ̀kan tí ẹ wọ̀n láàárọ̀ tí ẹ kò jẹ nǹkan lè tan yín jẹ.

Wọ́n ní ó ń wo jẹjẹrẹ. Ṣé bẹ́ẹ̀ ni?

Nínú ìgò ìwádìí, ó ń pa sẹ́ẹ̀lì jẹjẹrẹ. Láti 1969 ni Kupchan àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ti ròyìn pé vernodalin àti vernomygdin ń pa sẹ́ẹ̀lì. Ní 2003, Ernest Izevbigie ní Yunifásítì Jackson State ní Amẹ́ríkà ròyìn pé omi ewé ewúro láti Benin City ń dá ìdàgbàsókè sẹ́ẹ̀lì jẹjẹrẹ ọmú dúró, wọ́n sì fún un ní ìwé àṣẹ ohun àdáni lórí rẹ̀ ní 2005.

Ìwé àṣẹ yẹn ni àwọn oníṣòwò máa ń gbé jó. Ohun tó ń sọ ni pé ẹnì kan ló ni èrò náà. Kò sọ pé aláìsàn kan yá. Omi tó gbóná àti ọṣẹ náà ń pa sẹ́ẹ̀lì jẹjẹrẹ nínú ìgò. Ẹni tó ń gba oògùn jẹjẹrẹ, kó má fi omi ewúro kún un láìjẹ́ pé dókítà rẹ̀ mọ̀, nítorí ẹ̀dọ̀ àti ìfun rẹ̀ ti ń ru ẹrù tó pọ̀ lọ́wọ́.

Aràn, inú rírun, jẹ̀díjẹ̀dí?

Ti aràn ní ẹ̀rí tó mọ́gbọ́n wá, lára ẹranko àti lára ìnàkí tí a sọ lẹ́ẹ̀kan. Àmọ́ albendazole mìlígíráàmù 400 tí àgbàlagbà lò lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo yóò ṣe é láìṣe àníàní, kò sì korò. Inú rírun tí kò lọ lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́ta, tàbí ẹ̀jẹ̀ nínú ìgbẹ́, kì í ṣe jẹ̀díjẹ̀dí títí a ó fi yẹ̀ ẹ́ wò. Ọ̀pọ̀ jẹjẹrẹ ìfun ńlá ni wọ́n ti fi orúkọ jẹ̀díjẹ̀dí bò mọ́lẹ̀ títí ó fi pẹ́ jù.

Ojú ọmọ wa pọ́n bí ìyeyè. Ṣé ká fún un ní ewúro fún ẹ̀dọ̀ rẹ̀?

Ẹ má ṣe é. Òótọ́ ni pé ní 2006 ìwádìí kan rí i pé omi ewúro dáàbò bo ẹ̀dọ̀ eku tí wọ́n fún ní paracetamol àpọ̀jù. Eku náà ti gba ewúro kí ìpalára tó dé. Ẹni tí ojú rẹ̀ ti pọ́n, ẹ̀dọ̀ rẹ̀ ti ń ṣàìsàn, ó sì lè jẹ́ kòkòrò àrùn, òkúta òróòro, tàbí ẹ̀jẹ̀ tó ń fọ́ ló fà á. Ìtọ́jú wọn kò jọra rárá.

Ṣé aláboyún lè mu ún?

Omi rẹ̀, rárá. Ní 2011, ìwádìí kan lórí guinea pig, ẹranko kékeré tó jọ òkété, fi hàn pé omi ewé ewúro ń mú kí ilé ọmọ súnkì. Ohun tó ń mú ilé ọmọ súnkì lè ba oyún jẹ́ nígbà tó ṣì kéré, ó sì lè mú kí ìrọbí le ju bó ti yẹ lọ nígbà tí kò sí ẹni tó ń wọ̀n ọ́n. Àwọn agbẹ̀bí àtijọ́ tó ń lò ó nígbà ìrọbí rí ohun kan lóòótọ́. Ohun tó jẹ́ kó ṣiṣẹ́ fún wọn ni ó jẹ́ kó léwu. Ọbẹ̀ ewúro tí a fọ̀ dáadáa kò ní ìṣòro yẹn.

Ìwádìí kan náà wo bí ó ṣe ń kan ọmú, ó sì rí i pé ó lè mú ibi tí wàrà wà náà súnkì. Abiyamọ tó ń fi ọbẹ̀ rẹ̀ wá wàrà kò ṣe ohun búburú.

Ta ló yẹ kó yẹra fún omi ewúro yàtọ̀ sí aláboyún?

Ọmọ tí kò tíì pé ọdún márùn-ún. Ẹni tí kíndìnrín rẹ̀ ń ṣàìsàn, nítorí potassium àti oxalate inú ewé tútù. Ẹlẹ́jẹ̀ ríru tó ń lo oògùn tí òòyì sì máa ń kọ́. Ẹni tó fẹ́ ṣe iṣẹ́ abẹ: ẹ dá a dúró ní ọ̀sẹ̀ méjì ṣáájú, kí ẹ sì sọ fún dókítà apàmọ̀lára. Ẹni tí ara rẹ̀ máa ń yún tàbí wú nítorí ewé tó bá òdòdó òòrùn tan, torí ẹbí kan náà ni ewúro.

Ẹni tó ń lo digoxin fún ọkàn pẹ̀lú. Ìwádìí tó jáde ní 2012 fi sẹ́ẹ̀lì ìfun nínú yàrá àyẹ̀wò hàn pé omi ewúro lè dí ọ̀nà tí ara ń gbà tì digoxin padà síta. Bí ọ̀nà yẹn bá dí, oògùn tó ń wọ ẹ̀jẹ̀ lè pọ̀ sí i, digoxin kì í sì í fojú rere wo àṣejù.

Báwo ni a ṣe ń gbẹ ewé rẹ̀ kó má bàjẹ́?

Lábẹ́ ibòji tí afẹ́fẹ́ wà, lórí asẹ́ tàbí aṣọ mímọ́, fún ọjọ́ mẹ́ta sí márùn-ún. Oòrùn tààrà máa ń bó àwọ̀ rẹ̀ nù. Ó gbẹ tán bí igi ewé bá ń ṣẹ́ kànkan lọ́wọ́ yín. Bó bá ń tẹ̀, omi ṣì wà nínú rẹ̀, yóò sì bu nínú ìgò. Bíi ìdá márùn-ún ìwọ̀n ewé tútù ló máa ń kù. Fi í sínú ìgò tó dé gírígírí, kọ ọjọ́ sí i lára, má lò ó ju oṣù mẹ́fà lọ. Èyí tó bá bu, ẹ má yọ ibi tó bu kúrò kí ẹ lo èyí tó kù. Gbogbo rẹ̀ ni kí ẹ dà nù. Ẹ rántí pé gíráàmù kan tó gbẹ dúró fún bíi márùn-ún tó tútù.

Bí a bá fẹ́ ra èyí tí wọ́n ti dì sínú ìgò tàbí kápúsù?

Ẹ wo nọ́ńbà NAFDAC ara rẹ̀. Bó bá parí sí L, wọ́n kàn kọ oògùn ìbílẹ̀ náà sínú ìwé wọn ni. Ìdí nìyẹn tí gbólóhùn kan fi máa ń wà lára rẹ̀ pé NAFDAC kò tíì ṣàyẹ̀wò ohun tí wọ́n ní ó ń ṣe. Ìgò tó bá ní ó ń wo àìsàn mẹ́tàlélógún, tí kò kọ ìwọ̀n ewé inú rẹ̀, tí kò kọ ọjọ́ tó máa bàjẹ́, ẹ fi í sílẹ̀ lórí àtẹ. Bẹ́ẹ̀ náà ni èyí tó bá ń fa ṣúgà wálẹ̀ ní wákàtí kan bí idán: ó ṣeé ṣe kí wọ́n ti lọ oògùn òyìnbó mọ́ ọn.

Ṣé ó rọrùn láti gbìn?

Púpọ̀. Gé ẹ̀ka tó ti gbó díẹ̀, sẹ̀ǹtímítà 20 sí 30, tó ní ojú mẹ́ta ó kéré tán. Ri í mọ́lẹ̀ dé ìdajì, kó fì sẹ́gbẹ̀ẹ́ díẹ̀, ní ìbẹ̀rẹ̀ òjò. Ẹ má dorí rẹ̀ kodò. Ojú tó kọjú sókè lórí igi ni kó kọjú sókè nínú ilẹ̀. Lẹ́yìn oṣù méjì sí mẹ́ta, ẹ lè máa já a. Bí ẹ bá ń gé orí rẹ̀ déédéé, yóò máa yọ ọ̀mùnú, ìkorò ewé ọ̀mùnú yìí sì máa ń rọ̀ ju ti ewé igi tí a fi sílẹ̀ tó di igbó lọ.